Bí Mo Ṣe Lọ Wádìí Sẹ̀pẹ̀ ní Erékùṣù Gósò

Lẹ́yìn ìrun àfẹ̀mọ́júmọ́ ni mo gbé báàgì jáde nílé mi ní Mowe. Ilẹ̀ kò tí ì mọ́ dáadáa, ajá aládùúgbò sì ń gbó mi bí ẹni pé èmi ni mo wá jalè nílé ara mi. Sìkírà ìyàwó mi mú tọ́ọ̀ṣì, ó sìn mí dé ìdí mọ́tò tó fẹ́ gbé mi lọ sí pápákọ̀ òfurufú n'Ìkẹjà. Ó ní, "Bàbá Ràfíù, ẹ má gbàgbé ohun tí wọ́n tìtorí rẹ̀ rán yín o. Wọn ò rán yín lọ jẹun." Mo ní mo gbọ́. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ̀ mí, ẹ mọ̀ pé ìdajì rẹ̀ ni mo gbọ́.

Ohun tí wọ́n tìtorí rẹ̀ rán mi nìyí. Fúnmi, àbúrò mi kan ṣoṣo, ti wà láti bí ọdún mélòó kan ní erékùṣù kékeré kan láàárín òkun Mẹditaréníà. Gozo ni wọ́n ń kọ orúkọ ibẹ̀, àwa nílé ń pè é ní Gósò. Àwọn arúgbó ló ń tọ́jú níbẹ̀. Lọ́jọ́ kan ó pe ìyá wa ní Ifọ̀ lórí fóònù, ó ní òun ti rí ọkọ, ọmọ ibẹ̀ ni, Zeppu ni orúkọ rẹ̀. Nẹ́tíwọ́ọ̀kì ń já. Ìyá wa figbe ta: "Sẹ̀pẹ̀ kẹ̀? Fúnmi, nínú gbogbo ọkùnrin tó wà láyé, ẹni tó ń jẹ́ ògógóró lo rí?"

Láti ọjọ́ náà, Sẹ̀pẹ̀ ni orúkọ rẹ̀ nílé wa.

Bàbá wa ti ṣaláìsí, èmi sì ni àkọ́bí. Ẹ mọ àṣà wa: a kì í fọmọ fọ́kọ láìwádìí. Bí ó bá jẹ́ pé Ṣágámù ni ọkùnrin náà ti wá, ọ̀sán kan ni à bá fi parí rẹ̀. Gósò ni, mo wá di ẹni tí ń lo oṣù mẹ́ta lórí ọ̀rọ̀ físà. Màámi ní kí n wò ó bóyá wèrè wà nínú ìdílé náà, bóyá ọtí wà níbẹ̀, bóyá olè sì wà níbẹ̀. "Bó o bá rí ẹyọ kan, ìwọ àti Fúnmi ni kẹ́ ẹ jọ padà." Ó tún rán mi létí pé agbègbè òkun yẹn ni paramọ́lẹ̀ ti so mọ́ àpọ́sítélì lọ́wọ́, kí n máa wo ilẹ̀ bí mo bá ń rìn.

Ta ló wá san owó ọkọ̀ mi? Wọ́n fi í ránṣẹ́ láti Gósò ni. Ẹ̀yin náà ẹ wò ó: afurasí ló san owó ọkọ̀ ọlọ́pàá.

Ó yẹ kí n sọ irú ẹni tí mo jẹ́. Wẹ́dà ni mí. Géètì, irin ojú fèrèsé, ilẹ̀kùn tí olè ò lè já, ohun tí mò ń ṣe jẹun nìyẹn. Láti Mowe dé Ibafo, bẹ́ ẹ bá rí géètì tí wọ́n gbé orí kìnnìún sí, tí kìnnìún náà ṣe ojú bí ẹni tí eyín ń dùn, iṣẹ́ ọwọ́ mi ni. Bàbá wa jẹ́ mùsùlùmí, ìyá wa oníṣọ́ọ̀ṣì. Èmi tẹ̀lé bàbá lọ sílé kéwú, Fúnmi tẹ̀lé ìyá, a sì jọ ń jẹ ẹran Iléyá àti ìrẹsì Kérésì. Kéwú tí mo kà yìí ló padà kó mi sí ìyọnu.

Ọkọ̀ òfurufú gbé wa dé Istanbul, nílẹ̀ Tọ́kì, a sọ̀, a sì wọ òmíràn tó gbé wa dé Málítà. Málítà ni erékùṣù ńlá, Gósò ni àbúrò rẹ̀. Nígbà tí mo ní "ńlá" yìí, ẹ má rò ó jù: bí ẹni bá jí ní kùtùkùtù tó bẹ̀rẹ̀ sí í rìn, kó tó di alẹ́ yóò ti bọ́ sínú omi ní òdìkejì. Fúnmi ló wá pàdé mi. Ó kúnlẹ̀ wọ̀ọ̀ nínú pápákọ̀ láàárín àwọn òyìnbó, alááru kan sì sáré wá, ó rò pé ó ṣubú ni.

Bọ́ọ̀sì la wọ̀ lọ sí èbúté, yúrò méjì àbọ̀ lẹ́nì kọ̀ọ̀kan. Ẹ má ní kí n ṣírò rẹ̀ sí náírà, nítorí kí n tó kọ ọ́ tán yóò ti yí padà. Kò sí kọ̀ndọ́, kò sí ẹni tó ń pariwo orúkọ ibùdókọ̀. Bọ́tìnnì lo máa tẹ̀ bó o bá fẹ́ sọ̀, agogo á sì dún. Mo tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀mejì láti mọ bó ṣe ń dún. Dírẹ́bà dúró lẹ́ẹ̀mejì, ó sì wo ẹ̀yìn lẹ́ẹ̀mejì. Fúnmi di ọwọ́ mi mú títí a fi débẹ̀.

Kò sí igbó lójú ọ̀nà. Òkúta ni gbogbo rẹ̀. Ilé òkúta, ọgbà òkúta, oko tí wọ́n fi òkúta mọ odi yí ká, àwọ̀ kan náà sì ni gbogbo wọn, àwọ̀ gààrí tí wọ́n fi epo díẹ̀ yan. Níbi tí ewéko bá ti jà fún ara rẹ̀, ọ̀rọ́ ẹlẹ́gùn-ún ló hù, wọ́n sì ní èso rẹ̀ ṣe é jẹ. Orí òrùlé wọn tẹ́ pẹrẹsẹ, òjò tó bá rọ̀ sórí rẹ̀ á gba inú páìpù lọ sínú kànga tó wà lábẹ́ ilé. Nílé wa a máa ń wa kànga sẹ́yìnkùlé. Tiwọn, orí rẹ̀ ni wọ́n ń sùn.

Ọkọ̀ ojú omi tó ń lọ sí Gósò tóbi tó bẹ́ẹ̀ tí mọ́tò ń wọ inú rẹ̀ lọ bí ẹran tó ń wọ ilé. Mo wá ibi tí a ti ń sanwó tì.

Fúnmi ní, "Bọ̀dá mi, wọn kì í gba owó àlọ. Ìgbà tẹ́ ẹ bá ń padà lẹ máa san án. Kò tó yúrò márùn-ún."

"Bí èèyàn bá wá kọ̀, tí kò padà ńkọ́?"

Ó wo ojú omi. "Kò ní san nǹkan kan nìyẹn."

Ọ̀rọ̀ yẹn kò dùn mọ́ mi nínú tó bí ó ṣe yẹ kó dùn mọ́ ẹni tí wọ́n fi nǹkan ta lọ́rẹ.

Sẹ̀pẹ̀ ń dúró dè wá létí omi. Ọkùnrin kúkúrú ni, ọwọ́ rẹ̀ nípọn bíi tèmi, oòrùn sì ti pọ́n ọrùn rẹ̀. Ó ṣí fìlà, ó tẹrí ba, ó sì sọ gbólóhùn tí Fúnmi ti fi ọ̀sẹ̀ méjì kọ́ ọ: "Ẹ kú ilé o, sà!"

Èmi tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ń sọ̀ kalẹ̀ látinú ọkọ̀! Mo dá a lóhùn pé, "Ẹ káàbọ̀ o," kí ojú má bàa tì í. Bẹ́ẹ̀ la ṣe pàdé, àlejò ń kí onílé káàbọ̀. Mo sì lọ ṣí ilẹ̀kùn mọ́tò rẹ̀, mo jókòó, mo wá rí i pé sítíárì wà níwájú mi. Apá òsì ni wọ́n ń gbà wakọ̀ níbẹ̀. Sẹ̀pẹ̀ kàn na kọ́kọ́rọ́ sí mi, ó ní bí mo bá fẹ́ wà á, kò burú. Mo kọ ọ́ sínú ọkàn mi pé kò ya wèrè, ṣùgbọ́n ó lè máa ṣe yẹ̀yẹ́.

Abúlé wọn wà lórí òkè ní ìwọ̀-oòrùn, afẹ́fẹ́ ibẹ̀ sì tutù ju ti ọyẹ́ lọ, ó ń ti inú òkun bọ̀ pẹ̀lú iyọ̀ lẹ́nu. Ilé ìyá àgbà Sẹ̀pẹ̀ la wọ̀ sí. Nánà ni wọ́n ń pe ìyá àgbà lédè wọn, nítorí náà Nánà lèmi náà pè é. Òun ni Fúnmi ń tọ́jú láti ìgbà tó ti débẹ̀. Ibẹ̀ ni ọmọ-ọmọ ti ń wá kí ìyá àgbà lójoojúmọ́, títí ìyá àgbà fi bi í pé ṣé òun ni ó ń wá wò ní tòótọ́.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì mo jáde láti wo àdúgbò. Ilẹ̀kùn àkọ́kọ́ tí mo rí, kọ́kọ́rọ́ wà lára rẹ̀, níta! Àánú onílé ṣe mí. Ó gbàgbé rẹ̀ ni, mo rò bẹ́ẹ̀. Mo yọ ọ́, mo kan ilẹ̀kùn, mo sì gbé e lé obìnrin tó jáde lọ́wọ́ pẹ̀lú ọ̀wọ̀. Ó wò mí, ó wo kọ́kọ́rọ́, ó bi mí lédè Gẹ̀ẹ́sì pé kí ló dé tí mo fi yọ ọ́.

Mo ní, "Kí olè má bàa wọlé ni, ìyá."

Ó ní, "Báwo wá ni àwọn ará ilé mi ṣe máa wọlé?" Ó sì kì í padà bọ ojúhò rẹ̀, ó ti ilẹ̀kùn mọ́ mi.

Nígbà náà ni mo gbójú sókè. Gbogbo ilẹ̀kùn ọ̀nà náà, láti òkè dé ìsàlẹ̀, kọ́kọ́rọ́ wà lára wọn níta. Kò sí géètì. Kò sí irin lójú fèrèsé. Kò sí àfọ́kù ìgò lórí odi, kò sí kìnnìún kankan. Lẹ́bàá ilẹ̀kùn wọ́n kọ orúkọ ilé, orúkọ ẹni mímọ́ tàbí ti òdòdó, níbi tí àwa ní Mowe ti máa ń fi ọ̀dà pupa kọ ọ́ pé ILÉ YÌÍ KÌ Í ṢE TÍTÀ. Mo dúró láàárín ọ̀nà, mo ro iṣẹ́ mi, mo sì rí i kedere pé níbí, ebi ni ìbá pa èmi àti gbogbo ilé mi.

Ṣọ́ọ̀ṣì abúlé náà tóbi ju gbogbo ilé ibẹ̀ lápapọ̀ lọ. Agogo méjì ló wà lójú rẹ̀, àkókò tí wọ́n ń sọ kò sì bára mu. Sẹ̀pẹ̀ ní àwọn bàbá àwọn ló mọ̀ọ́mọ̀ ṣe é bẹ́ẹ̀, kí Sàtánì má bàa mọ àkókò ìsìn. Mo bi í pé bí Sàtánì bá ra fóònù ńkọ́. Ó ní kò sí nẹ́tíwọ́ọ̀kì tó dára lọ́wọ́ ibi tí Sàtánì wà. Mo fẹ́ràn èsì yẹn, ṣùgbọ́n n kò rẹ́rìn-ín, nítorí iṣẹ́ ìwádìí ni mo wá ṣe.

Ohun tó yà mí lẹ́nu jù ni èdè wọn. Kátólíìkì paraku ni wọ́n, ère wà ní gbogbo ìkóríta, ṣùgbọ́n nígbà tí Fúnmi mú mi dé ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì, mo gbọ́ tí wọ́n ń gbàdúrà sí "Álà". Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ bọ́ bàtà mi. Àwọn Lárúbáwá ló jọba níbẹ̀ láyé àtijọ́, wọ́n lọ, wọ́n gbàgbé èdè wọn síbẹ̀. Ilẹ̀kùn, "bib". Òkun, "báhàr". Búrẹ́dì, "hobs". Kéwú tí Áfáà fi ẹgba kọ́ mi ní Ifọ̀ wá ń tan iná lórí mi. Lọ́jọ́ yẹn gan-an, Sẹ̀pẹ̀ sọ fún mi pé Rándàn làwọn wà. Mo ní, "Àwẹ̀ Ràmàdáánì?" Ó ní bẹ́ẹ̀ ni, Rándàn, ogójì ọjọ́. Inú mi dùn, mo bi í pé ìgbà wo ni à ń ṣínu. Kò tí ì dáhùn tí Nánà fi gbé abọ́ ńlá kan kalẹ̀ lọ́sàn-án gangan: ọbẹ̀ ẹ̀wà tí wọ́n fi wóróworó ìyẹ̀fun bí ìlẹ̀kẹ̀ sí, tí wàrà ewúrẹ́ róbótó kan jókòó sí àárín rẹ̀. Lẹ́yìn rẹ̀, àkàrà dídùn oníkóró. Àwẹ̀ Lẹ́ńtì ni wọ́n ń pè ní Rándàn. Ẹran nìkan ni wọn ò jẹ. Mo bá wọn gba irú àwẹ̀ bẹ́ẹ̀ tọkàntọkàn, mo sì bù sí i.

Búrẹ́dì wọn ni kí n má gbàgbé. Wọ́n á gé e, wọ́n á fi tòmátì ra ojú rẹ̀ títí á fi pupa, wọ́n á da òróró sí i, wọ́n á fi ẹja inú agolo àti kóró ewéko kan báyìí tó ń hù lára ògiri wọ́n ọn. Kóró náà korò, ó kan, ó níyọ̀, bí ọ̀rọ̀ ìyá ọkọ. Yúrò kan àti díẹ̀ ni odindi búrẹ́dì kan. Wáìnì tí Sẹ̀pẹ̀ fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe wà lórí tábìlì, ó mu ife kékeré kan, ó dé ìgò rẹ̀. Mo ń ṣọ́ ìgò náà fún ọjọ́ mẹ́ta. Kò dín ju bó ṣe yẹ lọ. Wèrè kò sí, ọ̀mùtí kò sí. Ó ku olè.

Ẹ jẹ́ kí n sọ òótọ́, mo ti ń fẹ́ràn wọn. Ìdí rẹ̀ nìyẹn tí mo fi mọ̀ pé ó yẹ kí n tètè parí iṣẹ́ mi kí oúnjẹ má bàa rà mí. Mo lọ síwájú ṣọ́ọ̀ṣì níbi tí àwọn bàbá arúgbó máa ń jókòó lórí bẹ́ńṣì láti àárọ̀ dọ́sàn-án. Ibi gbogbo láyé ni bẹ́ńṣì irú èyí wà, ibẹ̀ sì ni àṣírí ìlú ń gbé. Ọ̀kan nínú wọn, apẹja àtijọ́ tó ń jẹ́ Wístìn, sún fún mi. Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ kò pọ̀. Mo kí wọn, mo ní ilé Nánà ni mo wọ̀ sí, mo ní irú èèyàn wo ni wọ́n.

Wístìn pàtẹ́wọ́. "Ah! Tal-himáà!"

Himáà! Mo mọ̀ ọ́n. Kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ ni nínú kéwú. Mo bi í pé kí ló dé tí wọ́n fi ń pe odindi ìdílé ní oníkẹ́tẹ́kẹ́tẹ́.

Ó ní bàbá àgbà Zeppu ni. Ó ní, "Seraq il-himáà!"

Ta ló kàwé kéwú tí kò mọ "sáráqà"? Olè ni ó jẹ́. Síbẹ̀ mo fẹ́ ní ìdánilójú. Mo bi í bóyá ohun tí mo gbọ́ ló sọ. Wístìn dìde, ó yọ́ rìn bí ológbò, ó fi ọwọ́ fa okùn tí kò sí níbẹ̀, ó ki ìka méjì sí orí bí etí, ó sì ké bí kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ tó bẹ́ẹ̀ tí àwọn ẹyẹlé ṣọ́ọ̀ṣì fò dìde. Gbogbo bẹ́ńṣì bú sẹ́rìn-ín.

Èmi kò rẹ́rìn-ín. Bàbá àgbà wọn jí kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́, gbogbo abúlé mọ̀, wọ́n sì ti fi olè náà sọ wọ́n lórúkọ. Fóònù mi dún lápò, màámi ni. N kò gbé e.

Nídìí oúnjẹ alẹ́ ni mo sọ ọ́. Mo gbìyànjú láti fi ọgbọ́n gbé e kalẹ̀, ṣùgbọ́n ọgbọ́n kì í jáde dáadáa lẹ́nu ẹni tó ti jẹ ẹyin mẹ́ta. Mo ní, "Fúnmi, mo gbọ́ pé bàbá àgbà wọn jalè."

Fúnmi gbé ṣíbí sílẹ̀. "Ta lẹ bi?"

"Àwọn bàbá iwájú ṣọ́ọ̀ṣì."

"Bọ̀dá mi! Ẹ jẹ oúnjẹ Nánà, ẹ sì lọ jókòó sí bẹ́ńṣì lọ wádìí rẹ̀?"

"Ohun tí màámi rán mi nìyẹn. Ó ní bí mo bá rí olè, kí á jọ padà."

Omi lé sí i lójú. Fúnmi kì í tètè sunkún. Kódà ọjọ́ tí a sin bàbá, òun ló ń pín omi fún àwọn àlejò. Ó rọra ní, "Bí màámi bá ní rárá, mi ò ní fẹ́ ẹ. Mi ò ní ṣe ohun tí wọn ò fẹ́. Ṣùgbọ́n ẹ bá mi sọ fún wọn pé mi ò ní fẹ́ ẹlòmíràn mọ́."

Sẹ̀pẹ̀ kò gbọ́ Yorùbá, ṣùgbọ́n ó rí ojú Fúnmi, ó sì dìde. Nánà lu tábìlì. Ó fẹ́ mọ ohun tí à ń sọ. Fúnmi túmọ̀ rẹ̀ fún un, ó ń fa imú. Mo ń retí kí arúgbó náà lé mi jáde sínú afẹ́fẹ́.

Nánà bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín. Ó rẹ́rìn-ín títí ìkọ́ fi dé, tí Sẹ̀pẹ̀ fi fún un lómi. Ó nu ojú, ó sì sọ ìtàn náà, Fúnmi ń túmọ̀ rẹ̀ fún mi ní díẹ̀díẹ̀.

Nígbà tí Nánà wà ní ọ̀dọ́bìnrin, ebi wà ní erékùṣù náà, àwọn èèyàn sì ń kó lọ sí Ọsirélíà. Bàbá rẹ̀ náà pinnu pé gbogbo ilé àwọn yóò lọ. Wọ́n di àpótí. Kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ ni yóò gbé ẹrù náà dé èbúté. Ọ̀dọ́kùnrin kan wà ní abúlé, Kámùnù, tí kò ní ilẹ̀, tí kò ní nǹkan kan. Kò tí ì bá Nánà sọ̀rọ̀ rí, ojú nìkan ni wọ́n ń ṣẹ́ síra wọn nínú ṣọ́ọ̀ṣì. Láàárọ̀ ọjọ́ ìrìn àjò, kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ di àwátì. Kámùnù ti fà á lọ fi pamọ́ sínú ilé ìdáná àǹtí rẹ̀. Kí wọ́n tó wá a yí ká, ọkọ̀ ti lọ.

Nírọ̀lẹ́, Kámùnù fúnra rẹ̀ fa kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ padà wá. Ó ní, "Èmi ni mo jí i. Ẹ nà mí." Bàbá Nánà fi okùn ẹran náà nà án dáadáa. Ìgbà tí ọwọ́ ro ó, ó bi í pé kí ló dé. Kámùnù ní nítorí ọmọ yín ni.

"Ṣé o ò lè wá tọrọ rẹ̀ bí èèyàn ni?"

"Ẹ ò bá kọ̀."

Bàbá ní, "Màá kọ̀, lóòótọ́." Ó sì jókòó ti olè náà lórí àpótí, wọ́n jọ mu omi.

Mo ti ń rẹ́rìn-ín nígbà náà, mo gbàgbé ara mi. Ṣùgbọ́n ojú Nánà yí padà. Ó ní kí ọkọ̀ mìíràn tó dé, wọ́n ti so òun àti Kámùnù pọ̀. Bàbá òun àti àwọn yòókù wọ ọkọ̀ kejì lọ. "Mi ò fojú kàn wọ́n mọ́ láyé. Lẹ́tà ni, títí lẹ́tà náà fi dá." Ó di ọwọ́ Fúnmi mú. Ó ní òun mọ bó ṣe máa ń rí bí ìfẹ́ bá já èèyàn gbà kúrò lọ́wọ́ àwọn ẹbí rẹ̀. Ìdí nìyẹn tí òun fi sọ fún Zeppu pé kò ní sí ìyàwó àfi bí ẹnì kan nínú àwọn ẹbí Fúnmi bá kọ́kọ́ wá, kó rí ilé, kó jẹun, kó sì bèèrè ohun tó bá fẹ́. Ìdajì owó ọkọ̀ mi, inú àpò Nánà ló ti jáde.

Mo gbójú sílẹ̀. Arúgbó yìí ló ránṣẹ́ pe ìwádìí wá sílé ara rẹ̀.

Kò tí ì parí. Ó na ìka sí mi. "Ìwọ ti bèèrè nípa tiwa. Ó kàn mí. Kí ni ìdílé tiyín jí?"

Mo ní kò sí. Mo ní ìdílé tó mọ́ ni wá, láti Ifọ̀ dé Owódé.

Nánà wò mí bí ẹni wo ọmọdé tó ní òun kò jẹ ṣúgà, tí ṣúgà wà létè rẹ̀. Ó ní, "Kò sí ìdílé tí kò ní kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ tirẹ̀. Wọn ò tí ì sọ tìrẹ fún ọ ni. Bó o bá délé, bi ìyá rẹ."

Lọ́jọ́ kejì mo bá Sẹ̀pẹ̀ lọ síbi iṣẹ́. Odi oko ló ń mọ. Bí òjò bá rọ̀, odi á wó, wọ́n á sì pè é. Kò lo sìmẹ́ńtì, òkúta lórí òkúta ni. Èmi tí n kì í fi nǹkan sílẹ̀ láìjó o mọ́ra, mo ti odi náà wò pẹ̀lú èjìká. Kò mì. Ó ń ṣiṣẹ́ láìsọ̀rọ̀ títí ó fi bi mí pé ṣé màá sọ ọ̀rọ̀ kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ fún màámi. Mo ní dandan ni. Ó ní kò burú, ọjọ́ kìíní tí òun bá Fúnmi sọ̀rọ̀ ni òun ti sọ ọ́ fún un, nítorí bí òun kò bá sọ ọ́, Wístìn á sọ ọ́, Wístìn á sì ké.

Ìgbà tó bi mí bí wọ́n ṣe ń kí ìyá ìyàwó nílẹ̀ wa, mo ní kí ó dọ̀bálẹ̀. Ó na gbalaja lórí ilẹ̀ pupa tútù, apá rẹ̀ ní òsì àti ọ̀tún bí ẹni tí ń wẹ̀. Mọ́tò kan tó ń kọjá dúró gìrì, obìnrin inú rẹ̀ sì ń pariwo pé ta ló pa á. Obìnrin kọ́kọ́rọ́ nì ni. Ó wo Sẹ̀pẹ̀ nílẹ̀, ó wo èmi tí mo dúró lé e lórí, ó sì mi orí. Mo gbà pé títí di òní, kò rò mí ro ire.

Ọjọ́ tí mo ń padà, mo san owó ọkọ̀ ojú omi. Fúnmi àti Sẹ̀pẹ̀ dúró létí èbúté, wọ́n ń ju ọwọ́. Ọmọ tí mo máa ń pọ̀n lọ síbi tí ìyá wa ti ń tajà, ó ti di ẹni tí ń sin àlejò lọ. Mo bojú wo apá òkun títí omi inú ojú mi fi gbẹ. Afẹ́fẹ́ ni, kí ẹnikẹ́ni má bi mí.

Mo dé Mowe lọ́sàn-án, géètì mi dún bó ṣe máa ń dún, àwọn ọmọ sáré wá. Lọ́jọ́ kejì mo lọ sí Ifọ̀. Màámi ti tẹ́ ẹní sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó ti ti ilẹ̀kùn kí àwọn aládùúgbò má bàa gbọ́. Mo gbé wàrà ewúrẹ́ tí Nánà fi ránṣẹ́ kalẹ̀. Mo ní kò sí wèrè, kò sí ọ̀mùtí. Mo sì sọ ìtàn kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́, n kò fi nǹkan kan pamọ́. Ó gbọ́ ọ láìyí ojú padà.

Ó ní, "Ṣé ó dá a padà?"

"Ó dá a padà, màámi. Wọ́n tún nà án."

Ó bu wàrà náà sẹ́nu. Mo wá sọ pé, "Ìyá arúgbó náà bèèrè ohun tí ìdílé tiwa jí. Mo ní kò sí."

Màámi dẹ́kun wàrà tó ń jẹ. Ó wo ilẹ̀kùn. Ó rẹ ohùn sílẹ̀: "Ta ló sọ fún ọ?"

Mo ní, "Ta ló sọ kí ni fún mi?"

Ọ̀rọ̀ ti bọ́ lẹ́nu rẹ̀, kò ṣe é gbé mì mọ́. Ó wá sọ ọ́ tán. Bàbá bàbá mi ni, Bàbá Onífìlà, ẹni tí wọ́n fi ń kọ́ wa ní ìwà pẹ̀lẹ́. Lọ́dún kan tí owó kò sí, àgbò aládùúgbò já wọnú ọgbà rẹ̀ nígbà tí Iléyá ku ọ̀la. Kò bi í pé ta ló ni ọ́. Ó dú u. Ó sì pe aládùúgbò náà wá jẹun. Ọkùnrin náà jẹ, ó ní láti ìgbà tí òun ti dáyé, òun kò jẹ ẹran tó dùn báyìí rí, ó ṣàdúrà fún bàbá àgbà mi, ó sì gbé itan kan lọ sílé fún ìyàwó rẹ̀ kí ó fi tu ara rẹ̀ nínú nítorí àgbò wọn tó sọnù.

Èmi àti màámi rẹ́rìn-ín títí a fi di ara wa mú. Mo ti lọ, mo ti bọ̀, ohun tí mo rí kọ́ nìyí: mo gba orí òkun kọjá láti lọ wá olè nínú ìdílé ẹlòmíràn, mo bá a níwájú ṣọ́ọ̀ṣì níbi tí wọ́n ti ń fi í dápàárá. Tiwa wà ní Ifọ̀ láti ọjọ́ yìí, lẹ́yìn ilẹ̀kùn tí a tì.

Màámi nu ojú rẹ̀. "Sọ fún Sẹ̀pẹ̀ kí ó máa bọ̀. Mo gbà. Ṣùgbọ́n bó bá dé, wò ó dáadáa o, má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ ọ̀rọ̀ àgbò yẹn létí rẹ̀."

Mo ní, "Màámi, kí ó tó jókòó ni èmi fúnra mi máa sọ ọ́ fún un."